Akọ̀wé, Ẹ Jọ̀ọ́, Ẹ Dí Ògiri Yẹn!

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ fún mi láyè kí n tú ohun tó wà níkùn mi síta lónìí, nítorí bí mo bá tún gbé e mì, àìsàn ló máa dà sí mi lára. Ọ̀rọ̀ géèmù ni. Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín o! Géèmù orí tẹlifíṣàn ló fẹ́ dá ìwé mi dúró.

Láàárọ̀ yìí, ọmọ mi kan jókòó ti fóònù rẹ̀, ó ń mọ ògiri yí ilé kan ká nínú géèmù kí àwọn ẹranko burúkú má baà ráyè wọlé. Ó ní kí n wá wo bí ògiri òun ṣe le tó. Bí mo ṣe wò ó báyìí, inú bẹ̀rẹ̀ sí í bí mi! Ọmọ náà ò ṣẹ̀ mí o. Ohun tó ti pẹ́ ló rú sókè.

Ẹ jẹ́ n mú un láti ìbẹ̀rẹ̀. Láwọn ọdún 1990 ni, ìgbà tí sójà ṣì ń ṣèjọba. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé ọkọ ni, nínú agboolé kan lẹ́yìn Ọjà Tuntun, níbí ní Ìlọrin. Ọmọ àgbẹ̀ ni mí, abúlé ni wọ́n bí mi sí, àmọ́ mo ti ka ìwé mẹ́wàá, mo sì yege. Nígbà tí Búrémọ̀, ọkọ mi, wá tọrọ mi, ohun kan ṣoṣo ni bàbá mi bi í: ṣé yóò jẹ́ kí ọmọ òun lọ sí ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́? Búrémọ̀ ní wáláhì, òun á jẹ́ kó lọ. Lọ́jọ́ tí wọ́n so yìgì wa, ó tún un sọ níwájú gbogbo àwọn alfa.

Yìgì so tán, mo délé ọkọ. Ó di ọdún tó ń bọ̀. Ọdún tó ń bọ̀ dé, ó tún di ọdún tó ń bọ̀. Ṣé ẹ mọ irú ọdún yẹn? Ọdún tí kì í dé!

Iṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣàn títúnṣe ni ọkọ mi ń ṣe, ìtòsí Ọ̀fà Garage ni ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ wà. Ọjọ́ kan ló gbé àpótí kékeré kan wálé, ó ní ọwọ́ ẹni tó ti Kútọnu dé lòun ti rà á. Ó so ó mọ́ tẹlifíṣàn, ó ki kásẹ́ẹ̀tì kan bọ̀ ọ́ lẹ́nu, géèmù dé! Èdè Ṣáínà ni wọ́n kọ sára kásẹ́ẹ̀tì náà, kò sẹ́ni tó lè kà á. Àwa fúnra wa la sọ ọ́ lórúkọ. Májẹ̀ẹ́-Wọ́n-Wọlé là ń pè é.

Bó ṣe rí nìyí. Ilé kékeré kan wà láàárín síkírínì. Tílẹ̀ bá mọ́ nínú géèmù, ẹ ó sáré ṣa òkúta àti igi jọ, ẹ ó fi mọ ògiri yí ilé náà ká. Tílẹ̀ bá ṣú nínú géèmù, àwọn ẹranko á dé. Àwọn kan á máa fi ìwo kan ògiri, àwọn kan á máa walẹ̀ bí òkété. Bí ẹyọ kan péré nínú wọn bá fara kan ilẹ̀kùn ilé yẹn, ó tán, ẹ ó padà síbẹ̀rẹ̀ pátápátá. Tẹ́ ẹ bá wá ṣọ́ ọ di òwúrọ̀ ọjọ́ keje, àkùkọ á kọ, ẹ borí. Kò sẹ́ni tó tíì gbọ́ ohùn àkùkọ yẹn rí nínú agboolé wa.

Èèyàn méjì ló ń gbá a pọ̀, oníkálukú ló sì ní èèyàn kékeré onífìlà kan tó ń darí nínú síkírínì. Páàdì méjì tí wọ́n fi ń darí wọn ló wà, àmọ́ ti àkọ́kọ́ nìkan ló ní bọ́tìnnì tí wọ́n fi ń dá géèmù dúró. Ta lẹ rò pé ó ń mú ti àkọ́kọ́? Ọmọ onílé ni! Àbúrò ọkọ mi ni, orúkọ rẹ̀ ni Kàrímù, ó ṣì wà nílé ìwé girama nígbà yẹn. Páàdì kejì ni tèmi.

Ẹ ṣáà mọ̀ pé ìyàwó kì í pe àbúrò ọkọ lórúkọ. Bó jẹ́ ọmọ tí wọ́n bí lówùúrọ̀ ọjọ́ tí wọ́n gbé ìyàwó wọlé, ọkọ ni! Akọ̀wé ni mo sọ Kàrímù. Mo jù ú lọ dáadáa, síbẹ̀ èmi ni mò ń fi "ẹ" bá a sọ̀rọ̀. Òun á pè mí ní ìyàwó, á ní kí n bu omi wá. Mo bu omi náà o, inú ò bí mi sí ìyẹn. Bí wọ́n ṣe tọ́ mi nìyẹn.

Géèmù yẹn wá mọ́ mi lọ́wọ́. Lábúlé wa, ọ̀bọ ò jẹ́ ká rímú mí nínú oko ẹ̀pà, àwa ọmọ la sì máa ń lọ ṣọ́ ọ. Ẹni tó bá ti ṣọ́ oko rí mọ̀ pé kì í ṣe ibi tí ọ̀bọ ti ń pariwo ló ti ń wọlé. Ibi tó dákẹ́ ni kẹ́ ẹ máa wò. Bẹ́ẹ̀ náà làwọn ẹranko inú géèmù ń ṣe!

Akọ̀wé náà, ká sòótọ́, ọwọ́ rẹ̀ yá. Àmọ́ ojúkòkòrò! Ìràwọ̀ kan wà tó máa ń yọ lẹ́yìn ògiri nínú géèmù yẹn, á máa tàn yanranyanran. Ẹni tó bá mú un, fìlà èèyàn rẹ̀ á dán gbinrin nínú síkírínì, àwọn ọmọ ilé á pàtẹ́wọ́ fún un. Ó tán. Kò wúlò rárá fún ilé tí à ń ṣọ́. Bí Akọ̀wé bá ti rí ìràwọ̀ yìí, á fọ́ ògiri, á jáde lọ mú un, á sì fi ihò ńlá sílẹ̀ gbayawu.

Kí lèmi lè ṣe? Ká ní àbúrò tèmi ni, ǹ bá ti fọ́ ọ létí. Àmọ́ ọkọ ni! Mo gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ kì í, kí n fi oyin sọ́rọ̀. "Akọ̀wé mi, ọkọ mi, ẹ forí jìn mí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa dí ògiri yẹn." Ẹ ka gbólóhùn yẹn sókè kẹ́ ẹ wò ó. Ṣé ẹ rí bó ṣe gùn tó? Kí n tó dé "ẹ jọ̀ọ́," ẹranko ti dẹ́nu ọ̀nà! Àwọn ẹranko ò kúkú mọ̀ pé mò ń bọ̀wọ̀ fún ẹnì kan.

Ọjọ́ Jímọ̀ kan ni wàhálà bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ti kírun dé, àlejò kún pálọ̀. Mo gbé oúnjẹ fún ọkọ mi àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, mo wá rọra rán an létí pé ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ ti fẹ́ máa gba àwọn ọmọ tuntun. Ó wò mí. Ó wo tẹlifíṣàn. Ó bú sẹ́rìn-ín.

Ó ní òun ti rójútùú ọ̀rọ̀ náà. Tí èmi àti Akọ̀wé bá lè ṣọ́ ilé inú géèmù títí àkùkọ fi kọ, òun á fi mí sílé ìwé lọ́dún yìí. Tá ò bá lè ṣe é, kí n má dárúkọ ilé ìwé sóun létí mọ́ títí màá fi bímọ méjì. Ó ní ọjọ́ Àìkú ni, lójú gbogbo ilé, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo la sì máa gbá a.

Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Ọ̀kan tiẹ̀ ń fọwọ́ gbá itan. Èmi náà rẹ́rìn-ín o! Kí ni kí n ṣe? Ìyàwó tí ò bá rẹ́rìn-ín nírú ìgbà bẹ́ẹ̀, wọ́n á ní ó gbéraga. Àmọ́ nígbà tí mo dé ìdí àdògán, mo ń ki igi bọná tìbínú-tìbínú, ọbẹ̀ ru dà sílẹ̀, mi ò tiẹ̀ bìkítà. Ìwé mi! Ìwé tí bàbá mi ti gba ọ̀rọ̀ rẹ̀ lẹ́nu ọkùnrin yìí kó tó fún un lọ́mọ!

Lọ́jọ́ Sátidé, mo dín wàrà, mo gbé e lọ bá Akọ̀wé. Mo kúnlẹ̀. Mo ṣàlàyé fún un jẹ́jẹ́ pé kó gbàgbé ìràwọ̀ lọ́la, pé ọwọ́ rẹ̀ ni ìwé mi wà. Ó jẹ wàrà náà tán, ó nu ẹnu, ó ní kí ìyàwó lọ fọkàn balẹ̀. Mo sì lọ fọkàn balẹ̀. Ẹ ò rí ìyà!

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú, iná wà, kò tiẹ̀ ṣẹ́jú. Agboolé wọ pálọ̀ wa bí ẹni lọ gbọ́ wáàsí, àwọn kan ń yọjú lójú fèrèsé. Ìyá ọkọ mi, tí gbogbo wa ń pè ní Ìyá wa, jókòó sí igun lórí ẹní ìkírun rẹ̀, ó ń fa tẹ̀súbáà. Kò tiẹ̀ wo ọ̀dọ̀ tẹlifíṣàn. Kò sí nílé lọ́jọ́ Jímọ̀ yẹn, kò sì sẹ́ni tó sọ fún un pé ohun kan wà nídìí eré náà.

A bẹ̀rẹ̀. Ògiri méjì ni mo bẹ Akọ̀wé pé ká mọ, ọ̀kan nínú ọ̀kan, ká fàyè sílẹ̀ láàárín wọn. Ẹran tó bá walẹ̀ gba abẹ́ ti ìta, àárín ló máa yọrí sí, èmi á sì ti dúró dè é níbẹ̀. Ó gbà! Ìràwọ̀ yọ, ó wò ó, ó tún wojú mi, ó fi í sílẹ̀. Inú mi dùn, mo ń ṣàdúrà fún un lójú gbogbo èèyàn. Ilẹ̀ ń ṣú, ilẹ̀ ń mọ́ nínú géèmù, àwọn ẹranko ń pọ̀ sí i, ilé wa ṣì dúró.

Nígbà tá a dé òru tó gbẹ̀yìn nínú géèmù, Búrémọ̀ ti dìde dúró, ẹ̀rín ti tán lẹ́nu rẹ̀. Mo rí i lójú rẹ̀ pé ó ń bi ara rẹ̀ pé àbí obìnrin yìí fẹ́ borí lóòótọ́ ni?

Ojú ọ̀run inú síkírínì ti ń funfun. Ó ku díẹ̀ kí àkùkọ kọ. Ìgbà yẹn ni ìràwọ̀ tún yọ, ó sì tóbi ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Àwọn ọmọ tó wà lójú fèrèsé hó yèè. Akọ̀wé fọ́ ògiri ti inú.

Mo ní, "Akọ̀wé mi, ọkọ mi..."

Ó ní, "Ìyàwó, fara balẹ̀, mo mọ ohun tí mò ń ṣe."

"Ẹ forí jìn mí, ẹ jọ̀ọ́..."

Ó ti fọ́ ti ìta! Àwọn ẹranko tó wà lápá ibẹ̀ yíjú padà lẹ́ẹ̀kan náà. Wáláhì, mi ò mọ ìgbà tẹ́nu mi là. "Kàrímù! Padà wá dí ihò yẹn! Ṣé orí ẹ dàrú ni, ọmọ yìí?"

Háà! Gbogbo pálọ̀ mí kanlẹ̀. Ìyàwó ilé kan pariwo "Subuhánà-lọ́ọ̀hì!" Akọ̀wé alára, dípò kó yáa padà, ó yíjú kúrò lára tẹlifíṣàn, ó lanu sílẹ̀, ó ń wò mí. Bẹ́ẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ ni bọ́tìnnì ìdádúró wà o! Ì bá tẹ̀ ẹ́, ká kọ́kọ́ jà, ká padà wá gbá géèmù wa. Kò tẹ̀ ẹ́. Mo sáré fi èèyàn tèmi nínú géèmù dí ihò ògiri. Mo dá ọ̀kan dúró, mo dá èkejì dúró. Ẹ̀kẹta gba ẹ̀gbẹ́ mi kọjá, ó fara kan ilẹ̀kùn. Síkírínì ṣókùnkùn.

Ẹ wá gbọ́ ohun tó dùn mí jù. Ṣé ẹnì kan béèrè lọ́wọ́ Akọ̀wé pé kí ló dé tó fọ́ ògiri? Rárá! Orúkọ tí mo pè ló di ẹjọ́. Àwọn ìyàwó ilé tó jù mí lọ ń ṣépè sí ẹnu mi. Wọ́n ní ìwé tí mo kà ló ń gùn mí, wọ́n ní mi ò lẹ́kọ̀ọ́ ilé. Búrémọ̀ ní kí n kúnlẹ̀ bẹ Akọ̀wé ọkọ mi kíákíá. Ó tún wá rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó ní ti ilé ìwé ńkọ́, ṣebí mo gbọ́ ohun tóun wí.

Mo kúnlẹ̀. Mo bẹ Akọ̀wé. Mo ní ọkọ mi, ẹ má bínú, àṣìsọ ni, mi ò ní í ṣe bẹ́ẹ̀ mọ́. Orí rẹ̀ wà nílẹ̀, ó ní ó ti tán. Mo rò pé ojú ń ti òun náà. Àmọ́ kì í ṣe ẹ̀bẹ̀ ló wà nínú mi. Ìbínú ni!

Mi ò dìde. Orí ìkúnlẹ̀ yẹn ni mo wà tí mo fi yíjú sí Búrémọ̀. Mo ní, "Ti orúkọ, mo ti bẹ̀bẹ̀. Ó ku ti ìwé. Nígbà tẹ́ ẹ ṣèlérí fún bàbá mi, kò sí géèmù níbẹ̀. Ẹ̀yin lẹ gbé ìlérí yẹn, tẹ́ ẹ lọ fi ta tẹ́tẹ́."

Tẹ̀súbáà dúró lọ́wọ́ Ìyá wa. Ó ní, "Tẹ́tẹ́ wo?"

Agboolé alfa ni agboolé wa. Inú pálọ̀ yẹn kan náà ni bàbá ọkọ mi, kí Ọlọ́run kẹ́ ẹ, ti ń kọ́ àwọn ọmọ ní kéwú. Ẹni tó bá ń wá ìjà Ìyá wa, kó dárúkọ tẹ́tẹ́. Búrémọ̀ ti mọ̀, ó yára ní eré ni o, Ìyá, eré la ń ṣe. Ìyá ní kí n sọ ọ́. Mo sọ ọ́ láti ọjọ́ Jímọ̀ títí dé ibi ọmọ méjì. Ìyá ò já lu ọ̀rọ̀ mi.

Nígbà tí mo parí, ó pe ọmọ rẹ̀. Ó ní, "Búrémọ̀, tó bá jẹ́ eré ni, a jẹ́ pé ìyàwó ò pàdánù ohunkóhun, kó máa lọ sílé ìwé rẹ̀. Tó bá jẹ́ òótọ́ lo fi ṣe, a jẹ́ pé tẹ́tẹ́ lo ta, níbi tí bàbá ẹ ti ń kírun, ìlérí tó o ṣe níwájú àwọn alfa lo sì fi ta á. Èwo lo mú nínú méjèèjì?"

Ẹ̀ bá rí ojú ọkùnrin yẹn! Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì. Ó ní eré ni. Ìyá ní òun ò gbọ́. Ó tún un wí sókè, eré ni! Ìyá ní ó dáa, kí wọ́n tú nǹkan wọn kúrò nídìí tẹlifíṣàn, àkókò ìrun ti ń tó.

Ọdún yẹn náà ni mo wọlé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́. Olùkọ́ ni mí títí di òní olónìí.

Tí mo bá sọ ọ́ débí, àwọn èèyàn á ní àlámùdúlíláì, ó kúkú parí síre. Ó parí? Ẹ bá mi rò ó. Ká ní Ìyá wa lọ kí ẹnì kan lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn ńkọ́? Ìràwọ̀ inú tẹlifíṣàn ni ì bá jẹ́ kí n jókòó sílé! Wọ́n mú mi kúnlẹ̀ nítorí pé mo pe orúkọ. Ta ló bẹ èmi nítorí ìwé? Ta ló bẹ̀ mí nítorí ògiri?

Èyí tó tún wá ń já mi jẹ ni pé Búrémọ̀ ti sọ ọ̀rọ̀ náà di àwàdà. Kò síbi ìsọmọlórúkọ tí kì í ti í sọ ọ́. Á ní ẹ wá gbọ́ bí ìyàwó mi ṣe pe àbúrò mi lórúkọ lójú gbogbo ilé, nítorí ẹranko inú géèmù! Á ṣe bí mo ṣe pariwo, á la ojú bí Akọ̀wé ṣe là á. Àwọn èèyàn á rẹ́rìn-ín, èmi náà á rẹ́rìn-ín. Ó ti pẹ́ tá a ti ń rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀. Mi ò sì gbọ́ ọ kó dárúkọ ilé ìwé níbẹ̀ rí, lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

Lóṣù tó kọjá, ó tún bẹ̀rẹ̀ níbi ìsọmọlórúkọ kan. Nígbà tó sọ ọ́ tán, tí wọ́n ń rẹ́rìn-ín, èmi ò rẹ́rìn-ín. Mo ní, "Bàbá, ẹ sọ ìyókù." Ó ní ìyókù wo? Mo ní èyí tí ẹ máa ń fò. Ó wojú mi, ó wo ilẹ̀. Ó ní kí wọ́n bá òun gbé omi wá. Kò sọ ọ́! Èmi ni mo wá sọ ọ́ síbí yìí.

Ẹ̀kọ́ tí mo rí kọ́ kò pọ̀. Ohun tí wọ́n bá ti ṣèlérí fún yín, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tún ní kẹ́ ẹ wá fi ìdíje gbà á. Ọ̀wọ̀ dáa, èmi náà ṣì ń bọ̀wọ̀, mo ṣì ń pe Akọ̀wé ní Akọ̀wé, bó tilẹ̀ ti ń hewú báyìí. Àmọ́ bí ẹnì kan bá ń fọ́ ògiri lójú yín, ẹ yáa pe orúkọ rẹ̀ ná, ẹ ó kúnlẹ̀ tó bá yá.

Ẹ̀yin náà ńkọ́? Ta ló ti fi ọjọ́ ọ̀la yín ṣeré rí, tó tún wá ń sọ ọ́ ní àwàdà kiri? Ẹ wá kọ tiyín sábẹ́ èyí. Ibi tí wọ́n máa ń fò ni kẹ́ ẹ ti bẹ̀rẹ̀.